Ẹ gbà mí nímọ̀ràn lórí Hungarian Rhapsody No. 2 tí Liszt kọ

Akẹ́kọ̀ọ́ Dùùrù:
Ẹ̀yin àgbà àti ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ mi, ẹ kú iṣẹ́ o. Ìmọ̀ràn ni mo ń wá. Ó ti pẹ́ tí mo ti ń tẹ dùùrù ní ṣọ́ọ̀ṣì wa, mo lè ka nóòtì dáadáa, mo sì ti kọ́ díẹ̀ nínú iṣẹ́ Chopin àti ti Schubert. Orin tí ọkàn mi fà sí báyìí ni Hungarian Rhapsody No. 2 tí Franz Liszt kọ. Ìwé rẹ̀ wà lọ́wọ́ mi, mo sì ti bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ apá àkọ́kọ́. Ìṣòro mi ni pé nóòtì ń jáde, ṣùgbọ́n orin kò jáde. Apá tó lọ́ra yẹn kò ní ẹ̀mí rárá lọ́wọ́ mi. Bí mo bá sì dé apá tó yára, apá mi a le gbagidi, ìgbọ̀nwọ́ a bẹ̀rẹ̀ sí í ro mí. Ibo ló yẹ kí n ti mú un? Àwo ta ni kí n máa gbọ́? Ẹ jọ̀ọ́, ẹni tó bá mọ̀ kó sọ tirẹ̀.

Olùkọ́ Yaba:
Ẹ ǹlẹ́ o. Ẹ gbìyànjú rẹ̀, kò sí èèwọ̀ níbẹ̀. Ẹni tó ti tẹ Schubert lè kọ́ Rhapsody yìí bí kò bá kánjú. Ọ̀rọ̀ tí ẹ sọ pé nóòtì ń jáde, orin kò jáde yẹn, ibẹ̀ gan-an ni mo fẹ́ dúró lé, torí pé ẹjọ́ rẹ̀ kò sí lọ́wọ́ ìka yín.

Ẹgbẹ́ olórin àwọn Roma ti Húngárì (ẹ̀yà tí àwọn kan ń pè ní Gypsy) ni Liszt gbọ́, tó wá fi dùùrù kan ṣoṣo sín ohùn gbogbo wọn jẹ. Ẹni tí kò bá tíì gbọ́ ẹgbẹ́ náà rí, ibo ni yóò ti mọ ohun tó ń sín jẹ? Ẹ ti ìwé yẹn pa ná. Ẹ lọ sórí YouTube, kí ẹ wá irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ gbọ́. Ẹ ó rí violin kan tó ṣíwájú. Ẹni tó ń lò ó ni wọ́n ń pè ní prímás. Ẹ ó rí violin kejì tàbí viola tó kàn ń gbé kọ́ọ̀dù (nóòtì mélòó kan tó ń dún pọ̀) sábẹ́ orin. Ẹ ó rí clarinet, ẹ ó rí double bass, ẹ ó sì rí cimbalom. Cimbalom yìí ṣe pàtàkì fún wa ju gbogbo wọn lọ: àpótí pẹlẹbẹ ni, okùn irin ló kún ojú rẹ̀, igi tẹ́ẹ́rẹ́ méjì tí wọ́n fi òwú wé lórí ni wọ́n sì fi ń lù ú. Prímás ló ń darí gbogbo wọn, bí ìyá ìlù ṣe ń darí ẹgbẹ́ dùndún. Bó bá fa ohùn gùn, àwọn yòókù a dúró dè é. Bó bá sáré, wọ́n á sá tẹ̀ lé e.

Lẹ́yìn èyí, ẹ wá ṣí ìwé yín, kí ẹ mú pẹ́ńsùlù dání. Ibi tí nóòtì kan náà bá ti ń tún ara rẹ̀ sọ léraléra lókè dùùrù, tó sì ń dún wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́, ẹ kọ «cimbalom» síbẹ̀. Ibi tí orin bá wà láàárín dùùrù, tí nóòtì kéékèèké ń já wọlé kí nóòtì ńlá tó dé, violin nìyẹn. Ibi tí ọwọ́ ọ̀tún bá ti ń da nóòtì sílẹ̀ wìrìwìrì tí kò sí bíìtì kankan tó ń dí i lọ́wọ́, prímás tàbí clarinet ló ń dárà. Ọwọ́ òsì tó ń lọ bàásì, kọ́ọ̀dù, bàásì, kọ́ọ̀dù, ti double bass àti violin kejì ni. Gbàrà tí ẹ bá ti mọ ẹni tó ń sọ̀rọ̀ ní ìlà kọ̀ọ̀kan, ọwọ́ yín fúnra rẹ̀ yóò bẹ̀rẹ̀ sí í pààrọ̀ ohùn. Mo ti rí i lára àwọn akẹ́kọ̀ọ́ mi lọ́pọ̀ ìgbà.

Ará Leeds:
Mo fara mọ́ ohun tí Olùkọ́ sọ. Ẹ jẹ́ kí n fi ìtàn díẹ̀ kún un, torí pé ìtàn náà ló là mí lójú nígbà tí mo ń kọ́ ọ.

Lassan ni wọ́n ń pe apá tó lọ́ra, friska ni wọ́n ń pe apá tó yára. Inú orin ijó kan tó ń jẹ́ verbunkos ni ìlànà yẹn ti wá. Ní ọ̀rúndún kejìdínlógún, nígbà tí Húngárì wà lábẹ́ àwọn Habsburg, ìdílé ọba tó ń jókòó ní Vienna, bí wọ́n bá fẹ́ kó ọ̀dọ́kùnrin wọ iṣẹ́ sójà, wọ́n á rán àwọn sójà tó mọ ijó jó lọ sí abúlé. Wọ́n á wá àwọn olórin Roma, wọ́n á gbé ọtí kalẹ̀, ijó á bẹ̀rẹ̀. Ijó náà á kọ́kọ́ rọra lọ pẹ̀lú ìgbéraga, sójà á máa gbá gìgísẹ̀ bàtà rẹ̀ mọ́ra. Nígbà tó bá ṣe, á di eré. Ọ̀dọ́ tí ijó bá ti wọ̀ lára, kó tó mọ ohun tó ń ṣe, ó ti di ọmọ ogun. Lẹ́yìn ogun 1848 sí 1849, nígbà tí iṣẹ́ sójà wá di ọ̀ranyàn, irú ìkóniwọṣẹ́ bẹ́ẹ̀ kásẹ̀ nílẹ̀, àmọ́ orin rẹ̀ ti gbalẹ̀ káàkiri ìlú tipẹ́. János Bihari (1764 sí 1827), ọmọ Roma tó ń lo violin, wà lára àwọn tó gbé e débi gíga. Láti bíi 1830 lọ ni csárdás, ijó ilé ọtí, wá ń gba ipò lọ́wọ́ rẹ̀.

Ibi tí mo ń lọ nìyí: lassan yẹn, Liszt kọ «mesto» sí i lórí, ìbànújẹ́ wà níbẹ̀ lóòótọ́. Ṣùgbọ́n ìbànújẹ́ ẹni tó dúró ṣánṣán ni, tó wọ aṣọ ogun, tí kò tẹ orí ba. Ọ̀pọ̀ nínú wa ń fa gbogbo nóòtì gùn títí orin á fi rọ jọwọlọ. Nóòtì tó bá ní dọ́ọ̀tì lẹ́gbẹ̀ẹ́, ẹ dá a dúró pé, kí kékeré tó tẹ̀ lé e wá kúrú gan-an, kó mú ṣáṣá. Ibẹ̀ ni gìgísẹ̀ bàtà yẹn wà. Bí gbólóhùn bá sì fẹ́ parí, ẹ má ṣe dẹ eré sílẹ̀ ní gbogbo ìgbà. Ẹ jẹ́ kí gìgísẹ̀ kanra ní àkókò rẹ̀, ó tán.

Ìyá Olórin:
Ẹ kú ìjíròrò o. Mo ń kà á lọ láti òkè bọ̀, mo ń jẹ̀gbádùn rẹ̀. Ọmọ mi obìnrin, ọmọ ọdún mẹ́tàlá, ti rí eré àwòrán Tom and Jerry kan níbi tí ológbò ti wọ kóòtù, tó ń tẹ orin yìí. Láti ìgbà náà ni kò ti jẹ́ kí n gbádùn, òun náà fẹ́ kọ́ ọ. Ọwọ́ rẹ̀ kéré, kò tíì lè na octave (láti nóòtì kan dé ìkẹjọ rẹ̀) dáadáa. Ẹ̀yin olùkọ́, kí ni kí n ṣe fún un? N kò fẹ́ pa iná ọkàn ọmọ náà, n kò sì fẹ́ kó fi ọwọ́ ṣèṣe.

Olùkọ́ Yaba:
Ìyá wa, ẹ kú ìtọ́jú ọmọ. The Cat Concerto ni eré àwòrán yẹn, ó gba Oscar, ọ̀pọ̀ olórin dùùrù káàkiri ayé ló sì jẹ́ pé ibẹ̀ ni wọ́n ti kọ́kọ́ gbọ́ Liszt. Ẹ má dí i lọ́nà. Kí ó ṣáà fi Rhapsody yìí sílẹ̀ fún ìgbà díẹ̀ ná, torí pé ojú ìwé tó gbẹ̀yìn kún fún octave eré, ọwọ́ tí kò tíì nà tán yóò fi ipá na ara rẹ̀.

Bí mo ṣe máa ṣe é nìyí. Kó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú àwọn orin kúkúrú tí Béla Bartók kọ fún ọmọdé ní 1908 sí 1909, For Children ni àkọlé wọn. Orin ìbílẹ̀ Húngárì àti ti Slovakia ni gbogbo wọn, kò sí octave wúwo níbẹ̀, ìwé náà sì pọ̀ débi pé kò ní sú u. Lẹ́yìn ìyẹn, Hungarian Dance No. 5 ti Brahms. Orin ẹni méjì lórí dùùrù kan ni Brahms kọ́kọ́ ṣe àwọn ijó Húngárì mọ́kànlélógún yẹn sí, apá kan jáde ní 1869, ìyókù ní 1880. Ẹ̀yin tàbí olùkọ́ rẹ̀ ẹ jókòó tì í, kí ẹ mú apá ìsàlẹ̀, kí òun mú apá òkè. Ọmọ tó bá ń bá àgbà tẹ dùùrù máa ń tètè mọ bí wọ́n ti ń fa bíìtì gùn àti bí wọ́n ti ń dá a padà, torí pé ó ní láti máa gbọ́ ẹnì kejì. Nígbà tí ọwọ́ rẹ̀ bá ti gbà á, Rhapsody No. 3 ti Liszt ni kó kàn: ó kúrú, kò ní eré àsápajúdé, bẹ́ẹ̀ ohùn cimbalom wà nínú rẹ̀ kedere.

Lassan ti No. 2 náà ṣeé já jáde kọ́ lọ́tọ̀ lọ́jọ́ iwájú. Friska lè dúró.

Baba Akọrin:
Ẹ̀yin ọmọ mi, ẹ kú làákàyè. Ohun kan ń jẹ mí lọ́kàn bí mo ti ń ka ọ̀rọ̀ yín. Gbogbo èèyàn ń sọ pé «orin ìbílẹ̀ Húngárì». Ọ̀rọ̀ náà ní ìtàn, ó sì yẹ kí ẹni tó fẹ́ tẹ ẹ́ mọ ibi tó dúró.

Wọ́n bí Liszt ní 1811 ní abúlé Doborján. Raiding ni orúkọ rẹ̀ lónìí, ilẹ̀ Austríà ló sì wà báyìí, ṣùgbọ́n ilẹ̀ ọba Húngárì ni nígbà náà. Ìdílé ọlọ́lá kan, Esterházy, ni bàbá rẹ̀ ń ṣiṣẹ́ fún. Ọmọdé ni Liszt nígbà tí wọ́n gbé e lọ sí Vienna, ó kẹ́kọ̀ọ́ lọ́dọ̀ Czerny, olùkọ́ dùùrù, wọ́n sì kọjá lọ sí Paris. Èdè Jámánì àti Faransé ló ń sọ, kò gbọ́ èdè Húngárì tó bẹ́ẹ̀. Ìgbà tí omi odò Danube ya wọ ìlú Pest ní Húngárì ní 1838, tó ba ilé jẹ́ lọ rẹpẹtẹ, ni ìfẹ́ ilé fi jí nínú rẹ̀. Ó lọ tẹ dùùrù ní Vienna, ó fi owó rẹ̀ ṣèrànwọ́ fún àwọn tí omi lé kúrò nílé. Ìgbẹ̀yìn 1839 ló padà sí Húngárì, ó sì tún gbọ́ àwọn olórin Roma. Ohun tó kó jọ láti ìgbà náà ló di àwọn Rhapsody, mọ́kàndínlógún lápapọ̀. Èyí tí à ń sọ yìí, 1847 ló kọ ọ́, ó jáde ní 1851, ó sì yà á sọ́tọ̀ fún László Teleki, ọ̀kan nínú àwọn tó ṣojú Húngárì nígbà tí wọ́n dìde sí Vienna ní 1848. Ìgbà tí orin náà jáde, ìgbèkùn ni Teleki wà. Ẹ ronú sí i bí ẹ bá ń tẹ lassan yẹn.

Ní 1859 ni Liszt wá kọ ìwé kan, ó sọ níbẹ̀ pé àwọn Roma ló ni orin náà láti ìpilẹ̀. Àwọn ará Húngárì bínú sí i gan-an. Nígbà tó di ọ̀rúndún ogún, Bartók àti Zoltán Kodály gbé ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ wọ abúlé, wọ́n gba orin sílẹ̀ lẹ́nu àwọn àgbẹ̀. Wọ́n rí i pé orin àgbẹ̀ ìgbàanì yàtọ̀ pátápátá sí èyí tí Liszt gbọ́. Èyí tó gbọ́ jẹ́ orin ìgboro àti ti ilé ọtí, púpọ̀ nínú rẹ̀ ló ní ẹni tó kọ ọ́, àwọn Roma ló wá fi ọwọ́ tiwọn kùn ún lóòdà. Lójú tèmi, Bartók tọ̀nà lórí orísun orin náà, ṣùgbọ́n ìyẹn kò yọ nǹkan kan kúrò lára ẹwà rẹ̀, kò sì yẹ kí ẹnikẹ́ni gbàgbé iṣẹ́ ọwọ́ àwọn Roma. Àwọn ló fi ìka ṣe é.

Àwa náà ní irú iṣẹ́ yìí nílé. Akin Euba, ọmọ Èkó tí wọ́n bí ní 1935, kẹ́kọ̀ọ́ jinlẹ̀ nípa ìlù dùndún, ó sì kọ orin dùùrù tó pè ní Scenes from Traditional Life ní 1970. Ẹni tó bá mọ ìlù, tó gbọ́ ọ, yóò mọ ibi tó ti wá.

Ará Leeds:
Ẹ ṣé gan-an, Baba. Ohun tí ẹ sọ nípa pé orin ní ẹni tó kọ ọ́, Hungarian Dance No. 5 tí Olùkọ́ dárúkọ jẹ́ ẹ̀rí rẹ̀. Brahms rò pé orin ìbílẹ̀ ni, kò mọ̀ pé csárdás tí Béla Kéler kọ ni, Kéler sì wà láàyè nígbà náà. Ó ṣeé ṣe kí ó jẹ́ ọwọ́ Ede Reményi, olórin violin tí wọ́n jọ rìnrìn àjò ní 1853, ni púpọ̀ nínú irú orin bẹ́ẹ̀ ti dé etí rẹ̀.

Olùkọ́ Yaba:
Ẹ jẹ́ kí n padà sí ọ̀rọ̀ ìgbọ̀nwọ́ tó ń ro ẹni tó béèrè ìbéèrè, torí pé ìyẹn kò ṣeé fọwọ́ yẹpẹrẹ mú. Bó bá ti bẹ̀rẹ̀ sí í ro yín, ẹ dìde lórí ìjókòó lọ́jọ́ náà. Bí kò bá lọ, ẹ lọ rí dókítà. Kò sí orin kankan tó tó ìpalára apá.

Ohun tó sábà ń fà á ni pé ọrùn ọwọ́ ti le, èèyàn sì ń gbé apá sókè láìsọ ọ́ kalẹ̀ láàárín kọ́ọ̀dù kan sí èkejì. Ẹ tẹ kọ́ọ̀dù kan, kí ẹ jẹ́ kí apá yín wálẹ̀ pátápátá lórí rẹ̀, kí ẹ wá lọ sí èkejì. Ẹ ṣe é díẹ̀díẹ̀, bíìtì kan sí òmíràn, títí ara yóò fi mọ ibi tó ti lè sinmi. Nínú friska, àyè ìsinmi wà láàárín fífò kọ̀ọ̀kan, ó kàn kúrú ni.

Nóòtì àtúntẹ̀ tó bẹ̀rẹ̀ friska ńkọ́? Ẹ má fi ìka kan ṣoṣo tẹ̀ ẹ́. Ìka kẹrin, ìkẹta, ìkejì, àtàǹpàkò, kí wọ́n máa pààrọ̀ ara wọn lórí kíì kan náà, kí ìka kọ̀ọ̀kan máa fà wọnú àtẹ́lẹwọ́ bó bá ti tẹ̀ ẹ́ tán. Ẹ súnmọ́ kíì, ẹ má gbé ìka sókè. Dùùrù tí ẹ ń lò náà ní ọ̀rọ̀ tirẹ̀ níbí o. Dùùrù ńlá onígun mẹ́ta ní ẹ̀rọ kan tí Sébastien Érard gba àṣẹ lé lórí ní 1821, tó jẹ́ kí òòlù inú rẹ̀ lè tún okùn lù kí kíì tó gòkè tán. Ilé Érard ló ran Liszt lọ́wọ́ nígbà tó dé Paris ní ọmọdé, irú dùùrù bẹ́ẹ̀ ló bá dàgbà. Dùùrù ìdúró kò ní ẹ̀rọ yìí, kíì gbọ́dọ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ gòkè tán kó tó lè tún dún. Nítorí náà, bí nóòtì kan bá ń jẹ lórí dùùrù ìdúró, ẹ jẹ́ kí ọwọ́ fúyẹ́ sí i, kí eré dínkù díẹ̀. Kò sí ẹ̀ṣẹ̀ níbẹ̀.

Ẹ̀yin tí ẹ ń tẹ orin ṣọ́ọ̀ṣì, inú yín yóò dùn sí èyí: fífò láàárín kọ́ọ̀dù C-sharp àti F-sharp ni friska fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ látòkè délẹ̀, karùn-ún sí ìkíní, karùn-ún sí ìkíní. Nígbà tó bá yà kúrò, kíì A major ló sábà máa ń lọ kí, á sì tún padà. Ẹ tẹ kọ́ọ̀dù wọ̀nyí lásán ná láìsí orin lórí wọn, kí ẹ lè mọ ọ̀nà. Àìmọye kíì dúdú ló wà nínú F-sharp major, ẹ jẹ́ kí ọwọ́ yín wọ inú dùùrù dáadáa, kí àtàǹpàkò má máa jáde wọlé ṣáá. Octave tó gbẹ̀yìn, ẹ pín in ní mẹ́rin-mẹ́rin, kí agbára wà lórí ìkíní nìkan, kí mẹ́ta yòókù gun un lẹ́yìn.

Èyí tó wá ṣe kókó jù: ojú ìwé tó gbẹ̀yìn ni kí ẹ fi pinnu bí eré ojú ìwé àkọ́kọ́ friska yóò ṣe tó. Liszt ní kó bẹ̀rẹ̀ ní ohùn jẹ́jẹ́. Ẹni tó bá na gbogbo agbára rẹ̀ níbẹ̀, kí ni yóò fi parí?

Akẹ́kọ̀ọ́ Dùùrù:
Ẹ ṣeun púpọ̀, Olùkọ́. Dùùrù ìdúró ni ti ṣọ́ọ̀ṣì, ọjọ́ Sátidé nìkan ni mo sì máa ń ráyè débẹ̀ fúnra mi. Nílé, kíbọ́ọ̀dù oníkíì mọ́kànlélọ́gọ́ta ni mo ní. Ṣé mo lè fi ìyẹn kọ́ ọ?

Dùùrù Alẹ́:
Kò lè tó yín, kí n má tàn yín jẹ. Octave tó parí orin yẹn gòkè, ó sọ̀ kalẹ̀, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ kárí gbogbo dùùrù. Kíì mọ́kànlélọ́gọ́ta yóò já yín sílẹ̀ lókè àti nísàlẹ̀. Kíì kíbọ́ọ̀dù bẹ́ẹ̀ sì fúyẹ́ jù, ẹ ó kọ́ ọwọ́ ní ohun tí dùùrù gidi kò ní gbà. Bí owó bá wà, ẹ wá oníkíì méjìdínláàádọ́rùn-ún tó wúwo lọ́wọ́, àlòkù pàápàá dára. Èmi alára ilé gbígbé ni mo ń gbé, etífóònù ni mo ń lò lóru kí n má baà jí alábàágbé, bẹ́ẹ̀ iṣẹ́ ń lọ.

Kó tó di ìgbà náà, ẹ fi ti ilé kọ́ lassan: ọwọ́ òsì lọ́tọ̀, orin lọ́tọ̀, kí ẹ sì máa fi ẹnu kọ ọ́. Ẹ kó friska sí ọjọ́ Sátidé. Ìwé nóòtì pẹ̀lú, ẹ má ra ayédèrú. Liszt kú ní 1886, iṣẹ́ rẹ̀ ti di ti gbogbo ayé, ọ̀fẹ́ ni ẹ lè gbà á lórí IMSLP, ibi ìkówèé nóòtì lórí íńtánẹ́ẹ̀tì.

Mo fẹ́ bá Ará Leeds jiyàn díẹ̀. Ó dà bí ẹni pé ẹ fẹ́ kí wọ́n máa fa lassan bó ṣe wù wọ́n. Mo ní kí wọ́n kọ́kọ́ fi metronome, ẹ̀rọ tó ń ka bíìtì, tẹ ẹ́ ná. Ẹni tí kò mọ ibi tí bíìtì wà, kò lè mọ ibi tó ti kúrò lórí rẹ̀.

Ará Leeds:
Ẹ jọ̀ọ́, n kò sọ pé bó ṣe wù wọ́n. Metronome dára fún ọwọ́ òsì. Àmọ́ bí ẹ bá fi ń tẹ ọwọ́ méjèèjì fún ọ̀sẹ̀ gbọọrọ, etí á bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ́ran sí ẹ̀rọ, prímás á sì kúrò nínú orin náà. Èmi á pa á gbàrà tí ọwọ́ òsì bá ti mọ ọ̀nà. Níbí, ẹ jẹ́ kí kálukú gbé tirẹ̀ wò.

Ẹni tó béèrè àwo, ẹ gbọ́ György Cziffra ṣáájú. Budapest ni wọ́n bí i sí ní 1921, ìdílé Roma ló ti wá, ilé ọtí ló sì ti tẹ dùùrù jẹun. Ìjọba ìgbà náà jù ú sẹ́wọ̀n láti 1950 sí 1953, wọ́n fi í ṣe iṣẹ́ líle débi pé ó ń wọ awọ mọ́ ọrùn ọwọ́ lẹ́yìn náà láti fi gbé e ró. Ó kúrò ní Húngárì ní 1956. Ẹ fetí sí bó ṣe ń dá nóòtì dúró lófuurufú kó tó jẹ́ kó bọ́. Kò sí ìwé tó lè kọ ìyẹn sílẹ̀.

Lẹ́yìn rẹ̀, Rachmaninoff, àwo 1919. Ó ti gbó, ariwo wà nínú rẹ̀, ṣùgbọ́n bíìtì rẹ̀ mọ́ bí ojú ọjọ́. Horowitz, Carnegie Hall, 1953, ẹ gbọ́ ọ fún ìgbádùn, ẹ má fi ìwé yín lé e. Ó ti yí orin náà padà sí tirẹ̀, ẹ ó kàn máa wá nóòtì tí Liszt kò kọ.

Akẹ́kọ̀ọ́ Dùùrù:
Ẹ ṣé, ẹ ṣé. Ìbéèrè kan ló kù. Nítòsí òpin, ibì kan wà tí wọ́n kọ «Cadenza ad lib.» sí, tí kò sí nóòtì kankan lábẹ́ rẹ̀. Kí ni kí n ṣe níbẹ̀?

Olùkọ́ Yaba:
Ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé kí olórin dárà tirẹ̀ níbẹ̀ bó bá wù ú. Liszt fi àyè yẹn sílẹ̀ fún yín ni. Rachmaninoff kọ tirẹ̀, ó wà nínú àwo tí Ará Leeds dárúkọ. Marc-André Hamelin náà kọ tirẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ má sún mọ́ ìyẹn báyìí. Ẹ lè fò ó, ọ̀pọ̀ ń ṣe bẹ́ẹ̀, orin náà kò bàjẹ́.

Ṣùgbọ́n ẹ̀yin tí ẹ ń tẹ dùùrù láàárín ẹsẹ orin kan sí èkejì ní ṣọ́ọ̀ṣì láìwo ìwé, mo rò pé ẹ lè ṣe tiyín. Kó kúrú. F-sharp minor ni orin dákẹ́ sí kó tó débẹ̀, nítorí náà ẹ mú síkéèlì F-sharp minor, kí ẹ gbé nóòtì kẹrin àti ìkeje sókè: F-sharp, G-sharp, A, B-sharp, C-sharp, D, E-sharp. Síkéèlì yìí ni àwọn ẹgbẹ́ olórin yẹn fi ń dárà, ẹ ó gbọ́ ọ lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀ láàárín A sí B-sharp àti láàárín D sí E-sharp. Ẹ mú gbólóhùn kékeré kan láti inú lassan, kí ẹ fi ọwọ́ ọ̀tún sọ ọ́ nìkan bíi violin, láìsí ọwọ́ òsì. Ẹ tún un sọ lókè pẹ̀lú nóòtì àtúntẹ̀ cimbalom. Ẹ wá sá sọ̀ kalẹ̀ lórí síkéèlì náà títí ẹ ó fi dé C-sharp nísàlẹ̀, kí ẹ gbé kọ́ọ̀dù C-sharp tó ní nóòtì ìkeje lé e. Ẹ dúró lórí rẹ̀ títí ìró á fi fẹ́rẹ̀ẹ́ tán, kí ẹ gbé ẹsẹ̀ kúrò lórí pẹ́dálì pátápátá kí octave tó bẹ̀rẹ̀, torí pé bí ìró bá ṣì kù nínú dùùrù, octave mẹ́rin àkọ́kọ́ á rì sínú rẹ̀, ẹnikẹ́ni kò ní gbọ́ ọ.